Ẹni Tó Ní Kí Màmá Kú Kò Pè Wọ́n Dìde

Ẹ má pè mí ní òpùrọ́ kí ẹ tó gbọ́ mi tán. Bó bá jẹ́ irọ́ ló wù mí, iṣẹ́ fíìmù ni mò ń ṣe, mò ń rí irọ́ jẹ níbẹ̀ láràárọ̀. Èyí tí mo fẹ́ sọ yìí, ojú mi ló rí i, èjìká mi ló kàn án. Ẹni tí kò bá gbà, kó lọ wo fíìmù náà lórí fóònù rẹ̀. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀ fún un ṣá o. Mi ò ní bá ènìyàn burúkú polówó ọjà.

Ọ̀sán ni ó ṣẹlẹ̀, ọ̀sán ọyẹ́, tí ètè gbogbo wa gbẹ. Àwọn tó ń sọ pé òru nìkan lòkú ń rìn, wọn ò bá oníṣẹ́ fíìmù ṣiṣẹ́ rí ni. Ìgbà tí wọ́n bá pè wá là ń lọ.

Ìkọ̀lé-Èkìtì ni mò ń gbé, iṣẹ́ mi sì ni kí n máa kun àwọn òṣèré lójú. Bí ẹ bá rí ìyàwó tí ọkọ lù tójú rẹ̀ wú, tìróò mi ni. Bí ẹ bá rí ẹ̀jẹ̀, sobo tí mo po mọ́ tòmátì alágolo ni. Bí ẹ bá rí òkú, èmi ni mo fi àtíkè pa á lójú, èmi ni mo fi òwú dí i nímú. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ọ̀rọ̀ òwú yẹn sọ́kàn.

Ẹ má sì rò pé fíìmù gidi là ń ṣe níhìn-ín. Kí ẹ̀wà tó jinná lórí iná, wọ́n ti ya fíìmù kan tán. Bí ẹnìkan bá ní ẹ̀gbọ́n ní òkè òkun tó kọ́ ilé ńlá sílé, tó jẹ́ pé alángbá nìkan ló ń gbé ibẹ̀, wọ́n á lọ bẹ̀ ẹ́ fún kọ́kọ́rọ́, ilé olówó dé nìyẹn. Agbádá tí olówó wọ̀ láàárọ̀ ni pásítọ̀ ń wọ̀ nírọ̀lẹ́. Àga kan náà ni ọba jókòó lé, òun náà ni dókítà jókòó lé. Ẹ̀yin náà ń wò ó, ẹ ń sunkún. Ó dára bẹ́ẹ̀.

Obìnrin tí ọ̀rọ̀ yìí dá lé lórí, Màmá Olóògbé làwọn aláìlẹ́kọ̀ọ́ inú iṣẹ́ wa ń pè wọ́n. Ìdí ni pé kò sí fíìmù tí wọ́n fi Màmá sí tí wọn kì í kú. Kí o tó jókòó dáadáa, wọ́n ti kú. Ìyá ọkọ ni o, ìyá ìyàwó ni o, ìyá tálákà tó rán ọmọ lọ sílé ìwé ni o, ikú ni. Bẹ́ẹ̀, obìnrin yìí kò bẹ̀rẹ̀ báyìí.

Ọmọ Òmù-Èkìtì ni Màmá. Ìgbà tí wọ́n wà lọ́mọge ni wọ́n ti tẹ̀lé ẹgbẹ́ onítíátà kan tó ń rìn láti ìlú dé ìlú. Bàbá wọn, tó jẹ́ àgbà ìjọ, ní òun kò bí ọmọ tó ń ṣeré jẹun. Wọ́n lọ bẹ́ẹ̀ náà. Olorì ni Màmá ń ṣe nígbà náà. Wọ́n á máa kọrin nínú gbọ̀ngàn ilé ìwé ní Ìdó, ní Ọ̀yẹ́, àwọn ọkùnrin á máa fi kẹ̀kẹ́ tẹ̀lé ọkọ̀ wọn jáde ìlú. Mo ti rí fọ́tò wọn kan. Bí ẹ bá rí ọrùn.

Ìgbà tó yá, fíìmù kásẹ́ẹ̀tì dé, irun Màmá ń funfun, ipò wọn náà ń relẹ̀. Wọ́n kúrò ní olorì, wọ́n di ìyáálé. Wọ́n kúrò ní ìyáálé, wọ́n di àjẹ́ àdúgbò. Nígbà tí fíìmù bọ́ sórí fóònù, wọ́n di òkú. Láti orí ìtẹ́ bọ́ sórí ẹní, láti orí ẹní bọ́ sínú pósí. Bí wọ́n ṣe ń ṣe obìnrin nínú iṣẹ́ yìí nìyẹn. Ọkùnrin tí wọ́n jọ bẹ̀rẹ̀, tí kò mọ eré ṣe rárá, ṣì ń ṣe ọkọ ọmọge títí dòní, pẹ̀lú ikùn rẹ̀ bí ìkòkò.

Àmọ́ Màmá mọ ikú ú kú o. Mo ti rí i tí eṣinṣin bà lé ìpéǹpéjú wọn, tó rìn títí dé igun ẹnu, tí Màmá kò mira. Àwọn ọmọ òde òní, bí wọ́n bá ní kí wọ́n kú, ikùn wọn á máa lọ sókè sódò, ẹ̀rín á máa pa wọ́n.

Nínú ẹgbẹ́ onítíátà tí Màmá ti jáde wá, òfin kan wà. Òṣèré tó bá wọ pósí kì í dá dìde. Ẹni tó ní kó kú, ìyẹn olórí eré, ló gbọ́dọ̀ dúró níbi ẹsẹ̀ pósí, kó pè é ní orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ lọ́jọ́ ìkómọ, kì í ṣe orúkọ inú eré. Òṣèré á dáhùn, á fi ẹsẹ̀ lásán tẹ ilẹ̀, wọ́n á wá da ojú pósí dé. Ó tán. Kò sí ẹbọ níbẹ̀, kò sí oògùn. Ẹlẹ́sìn Áńgílíkà ni Màmá, wọn kì í pa ìsìn àárọ̀ jẹ. Wọ́n ní iṣẹ́ niṣẹ́ ń jẹ́, ẹni tó rán ni níṣẹ́ ló gbọ́dọ̀ sọ pé iṣẹ́ ti tán.

Èyí tó wá kàn ni ọkùnrin tó gbé fíìmù yìí kalẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n pè é ní Bíódún, torí orúkọ tó fún ara rẹ̀ gùn ju fíìmù tó ń yà lọ. Ọmọ tí Màmá lè bí ni, jígí dúdú kì í kúrò lójú rẹ̀, nínú yàrá pàápàá. Ó ní òun kọ́ṣẹ́ yìí lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ó hàn lára rẹ̀.

Ìtapàjí la ti ya fíìmù náà, nínú ilé ńlá kan tó kọjú sí ọ̀nà dáàmù. Ìtàn rẹ̀ kò le. Ìyàwó fún ìyá ọkọ rẹ̀ ní májèlé jẹ, wọ́n sin ìyá náà, ìyá náà padà wá, ó tú àṣírí. Inú Màmá dùn sí i gan-an, ẹ gbà mí gbọ́. Wọ́n ti sọ fún àwọn ọmọ wọn ní Òmù, wọ́n ti sọ fún àwọn ẹgbẹ́ wọn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Bí mo ṣe ń fi àtíkè pa wọ́n lójú lọ́jọ́ náà, wọ́n rẹ́rìn-ín sí mi.

"Eléyìí yàtọ̀," ni Màmá wí. "Ó kéré tán, màá padà wá."

Mo bá wọn rẹ́rìn-ín. Kí ni mo mọ̀?

A tẹ́ Màmá sínú pósí ní pálọ̀. Pósí yíyá ni o. Ẹ gbọ́ mi dáadáa, ọ̀dọ̀ káfíńtà ní Ìkọ̀lé ni Bíódún ti yá a, pẹ̀lú àdéhùn pé kò gbọ́dọ̀ ha án lára, torí káfíńtà ṣì fẹ́ tà á fún òkú gidi. Màmá kú, wọ́n kú dáadáa. Àwọn tó ń sunkún eré bẹ̀rẹ̀ sí sunkún tòótọ́. Bíódún ní ó ti tó, ó ti ń wo oòrùn, ó fẹ́ sáré ya ibòmíràn kí ìmọ́lẹ̀ tó lọ.

Mo lọ bá a lẹ́gbẹ̀ẹ́, mo rọra sọ fún un pé kó pe Màmá.

Ó ní kí òun pè wọ́n kí ni. Mo ní kó pè wọ́n lórúkọ wọn. Ó bú sẹ́rìn-ín, ó kọjú sí àwọn yòókù, ó ní ṣé ẹ rí àwọn ará àtijọ́. Ó wá fi ẹsẹ̀ ta pósí. Ẹsẹ̀ o, bàtà lẹ́sẹ̀.

"Ìyá Olóògbé, dìde jàre, a fẹ́ lo ibẹ̀."

Màmá kò dìde. Àwọn yòókù ti ń ká wáyà, kò sẹ́ni tó wojú wọn. Mo sún mọ́ pósí. Màmá ti la ojú, àjà ni wọ́n ń wò.

"Kò pè mí," ni wọ́n wí, jẹ́jẹ́.

Mo fà wọ́n lọ́wọ́ dìde. Ọwọ́ wọn tutù, mo ní ọyẹ́ ni. Mo fẹ́ da ojú pósí dé, Bíódún jágbe mọ́ mi pé kí n má ha pósí olóhun. Bí a ṣe fi í sílẹ̀ nìyẹn, ó la ẹnu sókè.

Síìnì tí Màmá yóò ti padà wá bí iwin, a kò yà á lọ́jọ́ náà. Ìmọ́lẹ̀ ti lọ. Ọjọ́ kejì, Bíódún gbọ́ pé iṣẹ́ mìíràn wà fún òun ní Adó, ó kó kámẹ́rà rẹ̀, ó lọ. Ó ní ká máa retí òun.

Màmá retí rẹ̀. Ọmọ wọn obìnrin tí wọ́n ń gbé lọ́dọ̀ rẹ̀ ní Òmù sọ fún mi pé òtútù kì í kúrò lára Màmá, wọ́n á da aṣọ bora lọ́sàn-án gangan, síbẹ̀ wọ́n á máa gbọ̀n. Ó ní wọ́n á sùn lọ lórí àga, wọ́n á ta jí, ìbéèrè kan náà ni wọ́n á béèrè: "Ṣé uṣẹ́ ti tán?" Ọmọ náà á ní iṣẹ́ wo, Màmá. Wọ́n á tún fa aṣọ bora.

Wọ́n gbé wọn lọ sí ọsibítù ní Ìdó. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ni. Mi ò bá dókítà jà, ẹ̀jẹ̀ ríru wà lóòótọ́. Màmá kú, ikú tí kò ní kámẹ́rà nínú, a sì sin wọ́n sí Òmù.

Bíódún kò wá sí ìsìnkú. Ó pè mí lórí fóònù nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Mo ní bóyá ó fẹ́ kí mi kú ará fẹ́ra kù. Ó ní aṣọ léèsì funfun tí Màmá wọ̀ nínú fíìmù ńkọ́, ṣé wọn ò tíì fi í sin wọ́n. Mo mú fóònù kúrò létí, mo wò ó, mo tún gbé e padà sétí. Ohun tó sọ náà nìyẹn.

Aṣọ náà wà lọ́dọ̀ mi. Bíódún ní ó dáa bẹ́ẹ̀. Ó ní kí èmi wọ̀ ọ́, kí n wé gèlè bo iwájú orí, òun á ya mí láti ẹ̀yìn, kò sẹ́ni tó máa mọ̀. Ó ní obìnrin àgbàlagbà, ẹ̀yìn gbogbo wọn ọ̀kan náà ni.

Kí ló dé tí mo gbà? Ẹ má bú mi. Mo gbà torí ohun kan ṣoṣo. Lẹ́yìn tí Màmá kú, mo ti ń gbọ́ ohùn wọn nígbà tí mo bá ń to àtíkè mi, ìbéèrè kan náà. Mo ní bí Bíódún bá lè dúró síbi ẹsẹ̀ pósí yẹn, kó pe orúkọ wọn bó ti yẹ, Màmá á lọ sinmi. Mo sọ ọ́ fún un pé bí kò bá gbà láti pè wọ́n, kó lọ wá ẹ̀yìn ẹlòmíràn. Ó ní kò sí wàhálà. Mo dá orúkọ náà fún un lórí fóònù. Nígbà tí a dé Ìtapàjí, mo tún kọ́ ọ bí ọmọ jéléósinmi. Ó pè é, ó tún un pè. Ó ní ṣé mo gbọ́.

Pósí wà níbi tí a fi í sí, nínú pálọ̀. Kò sẹ́ni tó dá a padà fún káfíńtà. Mo wọ aṣọ Màmá, mo pa ojú mi lẹ́fun, ṣùgbọ́n mi ò fi òwú sí imú, torí ẹ̀yìn ni wọ́n fẹ́ yà. Mo dùbúlẹ̀.

Pósí náà há. Bí mo ṣe dùbúlẹ̀, mo rí i pé èjìká mi kò kan pákó lápá òsì. Ohun mìíràn ló kàn, ó sì tutù. Bí ìgbà tí ènìyàn méjì sùn sórí ẹní kan. Mo gbọ́ òórùn àtíkè Màmá, èyí tí wọ́n máa ń fi kàfúrà sí. Ẹ gbà mí gbọ́, kàfúrà kò sí nínú àpótí mi. Mi ò fẹ́ràn òórùn rẹ̀.

Mo fẹ́ yí orí, ọrùn mi kò gbà. Lẹ́bàá etí mi, ẹnìkan béèrè.

"Ṣé uṣẹ́ ti tán?"

Mo fẹ́ ké. Ohùn mi kò jáde. Mo ń gbọ́ Bíódún tó ń sọ fún ẹni tó di kámẹ́rà mú pé kó sún mọ́ ọn. Mo ní nínú ọkàn mi pé kó yá, pè wọ́n, ìwọ ọkùnrin yìí, pè wọ́n ká lọ. Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ gbọ́ ohun tó jáde lẹ́nu rẹ̀.

"Ìyá Olóògbé, ó yá, dìde."

Kì í ṣe pé ó gbàgbé o. Ó ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ ni, mo gbọ́ ẹ̀rín nínú ohùn rẹ̀. Mo ní nínú ọkàn mi pé mi ò ní dìde, kó tún un pè dáadáa. Ṣùgbọ́n ẹnìkan dáhùn.

"Mo ń bọ̀."

Gbogbo wọn gbọ́ ọ. Ẹni tó ń ṣe obìnrin burúkú inú fíìmù gbọ́ ọ, ó di ọwọ́ mọ́ ẹnu. Ohun tó wà lápá òsì mi dìde jókòó nínú pósí, jẹ́jẹ́, bí Màmá ṣe máa ń dìde. Èmi ṣì wà nílẹ̀. Mo ń wo ẹ̀yìn wọn láti ìsàlẹ̀, léèsì funfun kan náà tó wà lára mi ló wà lára wọn. Nígbà tí wọ́n yí ojú díẹ̀, mo rí imú wọn. Òwú wà níbẹ̀. Òwú tí wọ́n ki bọ̀ ọ́ pinpin, bí wọ́n ṣe ń ṣe fún ẹni tí kò ní mí mọ́. Èmi ni mo ń di òwú fún òkú fíìmù, mo máa ń fi àyè sílẹ̀ kí wọ́n lè mí. Òwú yẹn kì í ṣe tèmi.

Àwọn yòókù ti sá. Ẹni tó di kámẹ́rà mú gbé e kalẹ̀ sórí àga, ó gba ojú fèrèsé jáde. Ó ku Bíódún, níbi ẹsẹ̀ pósí gan-an, níbi tó yẹ kó dúró sí. Jígí dúdú rẹ̀ ti já bọ́. Màmá ń wò ó. Wọn ò bínú, ẹ gbọ́ mi. Wọ́n kàn ń dúró dè é.

Ohùn mi wá dé. Mo ní, "Pè wọ́n."

Ó la ẹnu. Ó ní, "Ìyá... ìyá..." Ó dúró.

Mo tún dá orúkọ náà fún un láti ìsàlẹ̀ pósí tí mo wà, ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Gbogbo ohun tó kù kò ju kó tún un sọ. Ọmọ ọdún méjì lè tún un sọ. Ọkùnrin tó ń kígbe mọ́ àwọn àgbàlagbà láàárọ̀, tó ń fi bàtà ta pósí, ó wò mí, ó wo Màmá, ó kígbe ẹ̀jẹ̀ Jésù, ó sì sá lọ, bàtà rẹ̀ kan wà nílẹ̀ níbẹ̀.

Màmá wo ẹnu ọ̀nà díẹ̀. Wọ́n wá rọra padà dùbúlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, wọ́n di ọwọ́ sí àyà, bí òṣèré tí wọ́n sọ fún pé kó dúró, wọ́n fẹ́ tún un yà. Ìyẹn ló pa mí lẹ́kún. Kì í ṣe ẹ̀rù o. Ẹ̀rù ti kọjá lójú mi nígbà náà. Òkú yìí ṣì ń gbọ́ràn sí aláìníláárí yẹn lẹ́nu.

Kí n tó jáde, mo rántí pé kò sẹ́ni tó pe èmi náà. Mo pe orúkọ ara mi, mo dá ara mi lóhùn bí wèrè, mo fi ẹsẹ̀ lásán tẹ ilẹ̀. Mo fẹ́ da ojú pósí dé, mi ò lè gbé e. Ó wúwo, bí pósí tí ènìyàn wà nínú rẹ̀ ṣe máa ń wúwo.

Ẹ rò pé ó tán? Bíódún gbé fíìmù náà jáde. Ó rán ènìyàn lọ gbé kámẹ́rà, ó rí ohun tó wà nínú rẹ̀, ó sì fi í síbẹ̀. Obìnrin méjì nínú pósí kan, ọ̀kan dìde, ọ̀kan wà nílẹ̀. Àwọn ènìyàn ń yìn ín nísàlẹ̀ fídíò, wọ́n ní báwo ló ṣe ṣe é. Ó ní iṣẹ́ kọ̀ǹpútà ni. Lẹ́yìn náà, orúkọ bẹ̀rẹ̀ sí gòkè. Ẹni tó ni jẹnẹrétọ̀, orúkọ rẹ̀ wà níbẹ̀. Ẹni tó se oúnjẹ wà níbẹ̀. Tèmi náà wà níbẹ̀, wọ́n kọ ọ́ ní àṣìkọ. Níbi tó yẹ kí orúkọ Màmá wà, Ìyá Olóògbé ni wọ́n kọ.

Ó máa ń pè mí báyìí, Bíódún yìí. Ó ní ibikíbi tí òun bá gbé kámẹ́rà kalẹ̀ sí, bí òun bá ti ní ó ti tó, ẹnìkan á béèrè lẹ́yìn òun bóyá uṣẹ́ ti tán. Ó ní kí n jọ̀ọ́ dá orúkọ náà fún òun. Mo ti dá a fún un títí ó ti sú mi. Kì í dúró lẹ́nu rẹ̀, bó bá ti gbọ́ ọ tán ló ń lọ. Mo ní kó lọ sí Ìtapàjí, kó dúró níwájú pósí, èmi á dúró tì í. Ó ní òun máa rán ẹnìkan. Ẹ gbọ́, ó fẹ́ rán ẹnìkan.

Èmi ti lọ. Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà pálọ̀ yẹn lọ́sàn-án, mo sọ ọ́ sókè: Kọ́ńfọ̀ọ̀tì Ìbíwùmí, ọmọ Òmù. Ẹ bá mi rántí rẹ̀, torí wọn ò kọ ọ́ síbì kankan. Kò sẹ́ni tó dáhùn. Kì í ṣe èmi ni mo ní kí wọ́n kú.

Nítorí náà, ìwọ tó ń ya fíìmù, kí o tó ní kí ìyá ẹnìkan kú fún ọ, kọ́kọ́ mọ orúkọ rẹ̀. Ẹ̀yin tó kù, bí ẹ bá ń gba Ìtapàjí kọjá, tí ẹ gbọ́ tí obìnrin kan rọra béèrè lọ́wọ́ yín bóyá uṣẹ́ ti tán, ẹ má ṣàánú rẹ̀ kí ẹ ní ó ti tán. Á gbà pé ẹ̀yin lẹ rán òun níṣẹ́, á bá yín lọ sílé, á máa retí kí ẹ pè é.